Kànga Àdìgún àti Ẹnu Àtọ́kẹ́

Ẹ má pè é ní Ìyá Mọ́ládé o. Bí ẹ bá pè é bẹ́ẹ̀, kò ní í dá yín lóhùn, ẹ ó kàn dúró síbẹ̀ bí ẹni tó ń bá ògiri sọ̀rọ̀. Mọ́ládé lọmọ tó wà láyé, òun nìkan náà sì ni, ṣùgbọ́n Ìyá Fáwùnmí ni Àtọ́kẹ́ ń jẹ́, Ìyá Fáwùnmí ló sì fẹ́ kí gbogbo Ìsàlẹ̀ Àpáta máa pe òun títí ọlọ́jọ́ á fi dé. Bẹ́ẹ̀ Fáwùnmí ti kú láti ìgbà tí kò tíì lè sáré. Àwọn àgbà bẹ obìnrin yìí títí, wọ́n ní a kì í fi orúkọ òkú ọmọ pe abiyamọ, wọ́n ní ọmọ mìíràn ti dé. Ó ní kí wọ́n má wulẹ̀ yọ ara wọn lẹ́nu. Ó ní ẹnì kan wà ládùúgbò yìí tí òun fẹ́ kó máa gbọ́ orúkọ náà láàárọ̀ àti lálẹ́.

Àdìgún lẹni náà. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí Àdìgún ṣe fún yín, kí ẹ tó sọ pé inú obìnrin yìí ti le jù.

Ìsàlẹ̀ Àpáta jẹ́ àdúgbò àtijọ́ kan ní Ṣakí, orí òkúta ni wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ dó sí. Ẹni tó bá fẹ́ gbẹ́ kànga níbẹ̀, kó yáa lọ wá ọkàn kún ọkàn. Bàbá tó bí Àdìgún nìkan ló gbẹ́ ẹ tó kan omi, omi náà kì í sì í gbẹ, bí ẹ̀ẹ̀rùn ti wù kó le tó. Nígbà tí bàbá yẹn wà láyé, gbogbo àdúgbò ló ń fa omi níbẹ̀. Bàbá kú, kànga bọ́ sọ́wọ́ Àdìgún. Kí ni Àdìgún ṣe? Ó ní kí alágbẹ̀dẹ rọ ìdérí onírin fún òun, ó fi àgádágodo ńlá tì í, ó so kọ́kọ́rọ́ mọ́ okùn ṣòkòtò. Ó ní kànga òun kì í ṣe odò ìjọba.

Ọdún tí mò ń wí yìí, ó kù díẹ̀ kí Òyìnbó gbé ìjọba fún wa ni. Ọ̀dá dá. Odò gbẹ, ó ku iyanrìn, àwọn obìnrin á jí lọ wa iyanrìn náà kí omi tó sun díẹ̀díẹ̀ sínú igbá, oòrùn á ti wọ̀ wọ́n lágbárí kí wọ́n tó padà délé. Àtọ́kẹ́ ṣì kéré nígbà náà. Òrí ló ń ṣe tà: á ṣa èso igi òrí nínú oko, á gún un, á lọ̀ ọ́, á máa fi omi pò ó títí òrí á fi léfòó. Iṣẹ́ omi niṣẹ́ òrí. Omi ò sí, ó pa iṣẹ́ tì. Níbi tó ti ń ro ti iṣẹ́ ni èèyi ti mú Fáwùnmí. Ara ọmọ gbóná bí ààrò, ètè rẹ̀ là, ahọ́n rẹ̀ funfun báláú. Ògúnkọ̀yà, bàbá ọmọ, ọdẹ ni, ó ti wọ igbó lọ lọ́nà Tẹ̀dé. Àtọ́kẹ́ pọn ọmọ, ó mú kèrègbè, ó gba ilé Àdìgún lọ.

Ṣé ẹ mọ ohun tó bá Àdìgún nídìí ẹ̀? Kẹ̀kẹ́! Ó ra kẹ̀kẹ́ tuntun, ó gbé e síwájú ilé, ó ń fi omi wẹ̀ ẹ́ bí ẹni ń wẹ ọmọ tuntun. Gàráwà kan ti tán, omi kún èkejì. Àtọ́kẹ́ kúnlẹ̀ sínú ẹrẹ̀ omi náà.

"Bàbá Mùstàfá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣàánú mi. Ọmọ yìí ń kú lọ. Ìwọ̀nba èyí tó máa mu náà ni."

Àdìgún ò gbójú sókè. "Tí mo bá fún ọ, gbogbo obìnrin àdúgbò ló máa tò síbí. Lọ sódò bíi tàwọn ẹgbẹ́ ẹ."

"Èyí tí ẹ fi ń fọ kẹ̀kẹ́ yìí náà tó. Ẹ bù ú fún mi níbẹ̀."

Ọkùnrin yìí gbé gàráwà, ó da gbogbo ohun tó kù nínú ẹ̀ sára táyà. Omi náà ṣàn, ilẹ̀ gbígbẹ fà á mu. Àtọ́kẹ́ rí i. Ojú abiyamọ rí i! Kó tó délé, ọrùn ọmọ ti rọ̀ lẹ́yìn rẹ̀.

Nígbà tí Ògúnkọ̀yà ti oko ọdẹ dé, ìbọn ló kọ́kọ́ gbé. Àwọn àgbà dì í mú. Wọ́n ní èèyi ló pa ọmọ, wọ́n ní èèyi ń pa ọmọ olómi, wọ́n ní ta ló mọ̀ bóyá ì bá yè. Àdìgún fi omi ránṣẹ́ lọ́jọ́ kejì, ìkòkò kan gbáko. Ẹ gbọ́ ìyẹn ná! Àtọ́kẹ́ gbé ìkòkò náà padà, ó dà á sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà Àdìgún. Láti ọjọ́ náà kò sọ̀rọ̀ sí i mọ́, bó bá sì kí i, kì í jẹ́ ẹ. Ọdún ń gorí ọdún. Wọ́n bí Mọ́ládé, Ògúnkọ̀yà kú, Àdìgún dolówó, ó ra lọ́rì tó ń kó iṣu láti Ilero lọ sí Ìbàdàn. Tó bá rí Àtọ́kẹ́ lójú ọ̀nà, á ní, "Àtọ́kẹ́, ṣé dáadáa ni?" bí ẹni pé kò sí nǹkan kan. Òótọ́ lọ̀rọ̀ àwọn àgbà: ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé.

Kí ni Àtọ́kẹ́ ní tó lè fi gbẹ̀san? Kò lówó, kò lọ́kọ mọ́, kò lẹ́bí tó lẹ́nu lọ́rọ̀. Ẹnu nìkan ló ní. Ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀hún, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fojú kéré rẹ̀. Kò sí agbo ilé tí kò mọ oríkì rẹ̀ ní Ìsàlẹ̀ Àpáta. Bó bá kì ọ́, wàá fẹ́ bọ́ ẹ̀wù ọrùn ẹ fún un.

Nítorí ẹnu yìí ni Florence ṣe wá sílé rẹ̀. Tíṣà ni Florence, ọmọ Ìsẹ́yìn, ìtàn ló ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé ìwé gíga kan nílùú. Ọdún yẹn ni gbogbo Nàìjíríà ń pariwo FESTAC, àjọ̀dún àṣà àwọn adúláwọ̀, tí gbogbo ènìyàn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rántí pé bàbá àwọn ní ilé. Florence ní òun fẹ́ máa kó àwọn ọmọ ilé ìwé rìn yí ká àdúgbò àtijọ́, kí wọ́n fẹsẹ̀ rìn ín, kí wọ́n fojú rí i. Ó ní àwọn àlejò láti Ìbàdàn àti Èkó náà á máa wá nígbà Iléyá àti Kérésì.

"Mà, ẹ̀yin ni wọ́n ní kí n wá bá," ni Florence wí. "Mo fẹ́ kí ẹ máa ṣíwájú wa, kí ẹ máa sọ ìtàn ilé kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sì máa kì wọ́n. Ọ̀nà wo lẹ rò pé ká máa gbà?"

Àtọ́kẹ́ ń po òrí lọ́wọ́. Ọwọ́ rẹ̀ dúró nínú igbá. "Gbogbo ilé la máa dé?"

"Gbogbo ẹ̀, mà."

"Títí kan ibi kànga Àdìgún?"

"Háà, ibẹ̀ gan-an! Wọ́n ní kò sí kànga tó pẹ́ tó o."

"Ibẹ̀ la máa parí ẹ̀ sí," ni Àtọ́kẹ́ wí, ó sì ń po òrí rẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ náà ó ń fi imú kọrin, ohun tí Mọ́ládé kò gbọ́ rí láti ìgbà tó ti dáyé.

Ọjọ́ ìrìn àkọ́kọ́ pé. Àwọn ọmọbìnrin ilé ìwé tò tẹ̀lé ara wọn nínú aṣọ búlúù, àlejò mélòó kan láti Ìbàdàn wà lẹ́yìn wọn, Àtọ́kẹ́ ṣíwájú pẹ̀lú ìró tó dì gírígírí. Ó mú wọn bẹ̀rẹ̀ níbi àwókù odi ìlú, tó ti di òkìtì tí koríko hù lé. Ó mú wọn dé ibi tí wọ́n ti ń yọ irin láyé àtijọ́, tí ìdàrọ́, pàǹtí dúdú tí irin yọ́ sílẹ̀, ṣì wà nílẹ̀ káàkiri. Ó ní kí wọ́n mú ọ̀kọ̀ọ̀kan dání kí wọ́n mọ bó ṣe wúwo. Ó mú wọn gun àpáta tí àwọn ìyá ìyá wa ti ń lọ ọkà, ó ní kí àwọn ọmọ fọwọ́ sínú kòtò tí ọlọ ti gbẹ́ sára òkúta. Wọ́n fọwọ́ sí i, wọ́n ń rẹ́rìn-ín.

Wọ́n dé agbo ilé kan, ó kì wọ́n bí ó ti yẹ, ló bá dórí ibi tó ní: "Ọmọ a-jíṣu-jẹ-kílẹ̀-tó-mọ́." Àwọn ará ilé náà bú sẹ́rìn-ín, àgbà ọkùnrin kan jó jáde láti inú ọ̀dẹ̀dẹ̀ wá.

Ọmọbìnrin kan ní, "Mà, ẹ pè wọ́n ní ọmọ olè. Ṣé kò bí wọn nínú ni?"

"Ó ṣe máa bí wọn nínú? Baba ńlá wọn ló jíṣu nígbà ìyàn, wọ́n mú un. Ohun tó bá ti wọnú oríkì ti di tilé nìyẹn, kò sẹ́ni tó lè yọ ọ́. Ẹni tí wọ́n bí sílé yìí lónìí, à á fi kì í kó tó la ojú." Àtọ́kẹ́ sọ ọ́ sókè ketekete, kí gbogbo wọn lè gbọ́. Ẹ rántí pé òun fúnra rẹ̀ ló sọ ọ́.

Wọ́n wá dé ibi kànga. Àdìgún ti gbọ́ pé àlejò ń bọ̀, ó ti wọ agbádá, ó gbé àga síta, ó jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìdérí onírin rẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Àwọn ìyàwó ilé dúró lẹ́yìn rẹ̀. Àtọ́kẹ́ dúró níwájú rẹ̀ gangan. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tó máa wo ojú ọkùnrin yìí láti ọjọ́ kẹ̀kẹ́. Ó húkọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú bàbá rẹ̀, ó kì bàbá náà dáadáa, agbádá ń wú. Lẹ́yìn náà ló wá gbé e kalẹ̀:

"Àdìgún, ọmọ oníkànga onírin,
Ọmọ a-fàgádágodo-dé-omi.
Kẹ̀kẹ́ mumi yó nílé yín,
Ọmọ aládùúgbò kú tòǹgbẹ-tòǹgbẹ."

Àtọ́kẹ́ gbé ọwọ́ lé ìdérí irin náà, ó sì ro ìtàn náà fún wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Kò bú ẹnikẹ́ni, kò ṣẹ́ èpè, kò fi kún un, kò yọ níbẹ̀. Ó sọ ti gàráwà. Ó sọ ti táyà. Ó sọ ti ilẹ̀ tó fa omi mu.

Ọmọ kan bi í, "Bàbá, ṣé òótọ́ ni?"

Àdìgún dìde, ó wọlé, ó fi àga sílẹ̀ níta. Inú Àtọ́kẹ́ dùn.

Kò pẹ́ ni Àdìgún ti mú ẹjọ́ lọ bá Bàbá Àmúdà, àgbà tó ju gbogbo wọn lọ ládùúgbò. Ó ní kí wọ́n pàṣẹ fún Àtọ́kẹ́ kó panu mọ́, ó ní èébú ni. Bàbá Àmúdà bi í ní ìbéèrè kan péré: "Àdìgún, ṣé irọ́ ló pa?"

Àdìgún wolẹ̀.

"Tí kì í bá ṣe irọ́, kí la fẹ́ sọ fún un? Ilé tó jíṣu, à ń fi iṣu kì wọ́n, ìwọ náà sì ń bá wọn rẹ́rìn-ín. Ìwọ lo ti kànga o. Kì í ṣòun."

Ẹ wò ó, nǹkan bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Gbogbo ìgbà tí àlejò bá dé, Àtọ́kẹ́ á ṣíwájú wọn, wọ́n á dé ibi kànga, á kì í. Nígbà tó yá, àwọn ọmọ ilé ìwé tó ti wá rí ń bá a gbè é. Wọ́n gbé e lọ sílé, wọ́n ń fi ṣeré lábẹ́ igi. Tí lọ́rì Àdìgún bá ń kọjá, àwọn ọmọdé á ní, "Kẹ̀kẹ́ mumi yó!" Kódà àwọn tó ń kó iṣu sínú lọ́rì ní Ilero gbọ́ ọ. Nígbà tí wọ́n fẹ́ fi Àdìgún jẹ olórí àdúgbò, wọ́n pa màlúù, wọ́n ta àtíbàbà, àwọn ìyàwó ilé rẹ̀ kúnlẹ̀ láti kí i. Àwáwù ìyálé ló ṣíwájú wọn. Inú Àwáwù dùn, orí rẹ̀ wú, oríkì ń ti ẹnu rẹ̀ bọ̀ wuruwuru, kò mọ̀gbà tó dórí ẹ̀: "Ọmọ a-fàgádágodo-dé-omi! Kẹ̀kẹ́ mumi yó nílé yín!" Àwọn ìyàwó tó kù gbè é, wọ́n gbé e dópin, ó tán lẹ́nu wọn kí wọ́n tó bo ẹnu. Gbogbo ìta bú sẹ́rìn-ín. Fìlà ṣí lórí Àdìgún, kò bẹ̀rẹ̀ mú un.

Àtọ́kẹ́ wà láàárín èrò. Kò rẹ́rìn-ín. Ó kàn ń wò ó, ó ń mi orí. Ó sọ fún Mọ́ládé lálẹ́ ọjọ́ náà pé òun yó, kí wọ́n má wulẹ̀ gbé oúnjẹ wá.

Láàárín ọ̀sẹ̀ náà ni Àdìgún fọ́ àgádágodo, ó wọ́ ìdérí irin sọ nù sẹ́yìnkùlé. Ó ní kí gbogbo àdúgbò máa wá pọn omi. Ó kó àgbà lẹ́yìn, ó gbé obì wá bá Àtọ́kẹ́, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Ọkùnrin tó tó bẹ́ẹ̀!

"Dárí jì mí. Ayé ọjọ́ yẹn ni, ìgbéraga ni. Mo ti ṣí kànga. Jọ̀ọ́, mú ọ̀rọ̀ yẹn kúrò lẹ́nu."

"Èmi kọ́ lẹ ṣẹ̀," ni Àtọ́kẹ́ wí. "Ẹ lọ bẹ Fáwùnmí. Tó bá ní òun ti gbà, kó wá sọ fún mi."

Àwọn àgbà ké háà. Àdìgún dìde díẹ̀díẹ̀, ó gbọn erùpẹ̀ ara rẹ̀. "Àtọ́kẹ́, ohun tó o fi sẹ́nu ayé yìí, tó o bá fẹ́ gbà á padà lọ́la, wọn ò ní fún ọ."

"Ta ló fẹ́ gbà á padà?"

Ẹyin lọ̀rọ̀, gbogbo wa la mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n ẹni tí inú ń bí kì í rántí pé òun náà wà lábẹ́ ibi tí ẹyin máa já bọ́ sí.

Ẹ tún wá gbọ́ o. Mọ́ládé ti dàgbà, ó ti gba ọwọ́ iṣẹ́ télọ̀, ó ya ṣọ́ọ̀bù sí ẹ̀bá títì. Mẹkáníìkì kan wà níwájú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Mùstàfá lorúkọ ẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, Mùstàfá náà, ọmọ Àdìgún, àkọ́bí Àwáwù, ẹni tí wọ́n fi ń pe bàbá rẹ̀ lọ́jọ́ kẹ̀kẹ́. Nígbà tí Mọ́ládé máa sọ fún ìyá rẹ̀, oyún ti hàn.

Àtọ́kẹ́ kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ó rò pé ọmọ ń bá òun ṣàwàdà. Ó tún ojú rẹ̀ wò. Ló bá figbe ta. "Yéè! Mọ́ládé, o pa mí! Nínú gbogbo ọkùnrin tó wà láti Ṣakí dé Ilua! Ilé tó pa ẹ̀gbọ́n ẹ lo fẹ́ lọ bímọ sí?"

"Ìyá, Mùstàfá kọ́ ló ti kànga. Orí ẹ̀yìn lòun náà wà lọ́jọ́ náà."

"Ẹ̀jẹ̀ Àdìgún ni!"

Mọ́ládé ń sunkún, ṣùgbọ́n kò sọ̀rọ̀ sínú. "Láti ìgbà tí ẹ ti bí mi, ẹ ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi orúkọ mi pè yín rí. Ẹni tó kú lẹ̀ ń bá gbé. Èmi náà fẹ́ ibi tí wọ́n á ti máa pè mí."

Ó kó ẹrù, ó lọ. Wọ́n so yìgì, Àtọ́kẹ́ ò dé ibẹ̀. Ó lọ sóko lọ́jọ́ náà, ó ń ṣa èso òrí nígbà tí èso òrí kò tíì bọ́.

Ṣùgbọ́n ọmọ dé, ọkùnrin làǹtì-lanti. Ṣé ẹ mọ àṣà wa: ìyá ìyàwó ló ń wá wẹ ọmọ tuntun. Ta ló máa fọwọ́ na ẹsẹ̀ ọmọ, ta ló máa fi òrí pa á lára, ta ló máa mọ orí rẹ̀? Wọ́n ránṣẹ́, Àtọ́kẹ́ ò lọ. Wọ́n sọ ọmọ lórúkọ, kò lọ. Nígbà tí wọ́n ní ìdodo ọmọ ń ṣẹ̀jẹ̀, pé ọmọ tí Mọ́ládé fúnra ẹ̀ ń wẹ̀ ń sunkún tọ̀sán-tòru, ó gbé òrí, ó gbé ọṣẹ dúdú, ó gbé kànhìnkànhìn. Ó ní ọmọ kò ṣẹ̀. Ó ní nítorí ọmọ lòun ṣe ń lọ, pé òun kò ní í jókòó, òun kò ní í jẹun, òun kò sì ní í kí ẹnikẹ́ni tó bá ń jẹ́ Àdìgún.

Ó jókòó sórí àpótí lẹ́yìnkùlé wọn, ó na ẹsẹ̀ méjèèjì, ó tẹ́ ọmọ sórí wọn. Mọ́ládé gbé omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ wá, omi kànga yẹn náà ni. Àtọ́kẹ́ wò ó fún ìgbà pípẹ́ kó tó ki ọwọ́ bọ̀ ọ́. Ó bu omi sára ọmọ, ó fọ orí rẹ̀, ó ń fọn ọ́n nímú. Ọmọ figbe ta, ó ń jà tapátẹsẹ̀. Imú ọmọ náà, háà, imú Ògúnkọ̀yà ni! Etí rẹ̀ tẹ́ bí etí Fáwùnmí. Inú Àtọ́kẹ́ rọ̀, kò mọ̀gbà tó rọ̀. Ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í bá ọmọ sọ̀rọ̀, "Ó tó, bàbá mi, ó tó, o ò rí omi ni?"

Àwáwù ìyálé ni ó gbọ́ igbe ọmọ. Ó ti ọ̀nà ìdáná bọ̀, ó kúnlẹ̀ síwájú ọmọ bí ìyàwó ilé ti ń ṣe láràárọ̀, ó ń pàtẹ́wọ́ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, ó ń fi ohùn dídùn kì í kó lè dákẹ́:

"Ọkọ mi, má sunkún mọ́, ọmọ oníkànga onírin,
Ọmọ a-fàgádágodo-dé-omi.
Kẹ̀kẹ́ mumi yó nílé yín,
Ọmọ aládùúgbò kú tòǹgbẹ-tòǹgbẹ."

Ọmọ dákẹ́. Ó la ojú, ó ń wo ẹnu Àwáwù. Mọ́ládé náà, tó ń sá aṣọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, ń bá a gbè é láìronú, ó ń rẹ́rìn-ín sí ọmọ rẹ̀.

Ọwọ́ Àtọ́kẹ́ dúró lára ọmọ. Omi ń kán ní ìka rẹ̀. "Ẹ má fìyẹn kì í," ni ó wí.

Àwáwù ò kọ́kọ́ gbọ́ ọ. "Ẹ ní kí ni, àna wa?"

"Mo ní ẹ má fi kì í! Ọmọ tí ẹ ń pè yẹn, Fáwùnmí mi ni! Ẹ̀gbọ́n ìyá ẹ̀ ni! Ẹ máa fi òkú ọmọ mi yin ọmọ ọmọ mi?"

Àwáwù wò ó, kò sí ìkà lójú rẹ̀ rárá, ìyẹn ló burú jù. "Ìyá, ẹ̀yin náà lẹ kọ́ wa. Òun ló ń mú un dákẹ́. Ọmọ ò sì gbọdọ̀ má mọ oríkì ilé bàbá ẹ̀."

Àdìgún wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ó ti darúgbó, ó mú ọ̀pá dání, ó ti gbọ́ gbogbo ẹ̀. Àtọ́kẹ́ gbójú sókè, ojú wọn ṣe mẹ́rin. Ó ń retí kí ọkùnrin yìí rẹ́rìn-ín, kó lè rí nǹkan bínú sí. Àdìgún ò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Àna mi, mo bẹ̀ yín lọ́jọ́ yẹn," ó sì yí ẹ̀yìn padà wọlé lọ.

Àtọ́kẹ́ parí ìwẹ̀ náà. Ó fi òrí pa ọmọ láti orí dé àtẹ́lẹsẹ̀. Ó bu omi kànga sí àtẹ́lẹwọ́ ara rẹ̀, ó gbé e sí ọmọ lẹ́nu, ọmọ sì mu ún. Ó tún bù ú, ó tún mu ún. Obìnrin yìí ń sunkún, kò nu ojú. Ó ní kí Mọ́ládé gbé omi mìíràn wá.

Láti ọjọ́ náà ló ti ń lọ láràárọ̀. Ó ń wá ọgbọ́n. Ó hun oríkì mìíràn fún ilé náà, ó fi òjò sí i, ó fi ọ̀pọ̀ omi sí i, ó fi bàbá Àdìgún tó ṣí kànga sílẹ̀ fún gbogbo ayé sí i. Àwọn ìyàwó ilé ní ó dára, wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un. Lọ́jọ́ kejì wọ́n padà sí ti tẹ́lẹ̀.

Iléyá dé. Florence kó àwọn àlejò wá, èrò pọ̀ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Àtọ́kẹ́ ṣíwájú wọn dé ibi odi, dé ibi ìdàrọ́, dé orí àpáta, dé ilé àwọn tó jíṣu. Lẹ́nu kànga, Mọ́ládé ń fa omi, ọmọ ti le lẹ́yìn rẹ̀, ó ń wo àwọn àlejò. Gbogbo èèyàn ń wo ẹnu Àtọ́kẹ́.

"Kànga rèé," ni ó wí. "Omi rẹ̀ dùn. Ẹ jẹ́ ká máa lọ."

Ó ya Florence lẹ́nu. "Ìyá Fáwùnmí, ẹ ò ní kì wọ́n ni?"

"Ìyá Mọ́ládé ni kí o máa pè mí."

Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ ilé ìwé tó wà lẹ́yìn rò pé ìyá àgbà ti gbàgbé ni, ọ̀kan nínú wọn sì gbé e fún un: "Àdìgún, ọmọ oníkànga onírin!" Àwọn tó kù gbà á. Àwọn ìyàwó ilé jáde síta, wọ́n gbè é, wọ́n ń pàtẹ́wọ́. Àtọ́kẹ́ gbé ọwọ́ sókè pé kí wọ́n dákẹ́, wọ́n rò pé ó ń darí wọn ni, wọ́n tún gbóhùn sókè. Nígbà tí wọ́n dórí ọmọ aládùúgbò tó kú tòǹgbẹ-tòǹgbẹ, ọmọ ẹ̀yìn Mọ́ládé gbọ́ oríkì ara rẹ̀, ó fò sókè nínú ọ̀já, ó fi èrìgì rẹ́rìn-ín, ó sì ń wo ojú ìyá àgbà rẹ̀ pé kó bá wọn pe òun.